Nọ́ńbà Tó Ń Ṣọ́ Ẹnu Ibodè: Ìtàn PSP àti Ètò Ìpìlẹ̀ Rẹ̀

Ìtàn ọba, ìtàn ìlú àti ìtàn ogun la sábà máa ń kà lójú ewé yìí. Èyí tí mo gbé wá lónìí kéré lójú: ìtàn ẹ̀rọ géèmù alágbèéká kan tí wọ́n ń pè ní PSP, àti nọ́ńbà kan tó wà nínú rẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni má rò pé ọ̀rọ̀ ọmọdé ni. Ọ̀rọ̀ ẹni tó ní àṣẹ lórí ohun tí a fi owó wa rà ni, ó sì kan fóònù tí ẹ fi ń kà á lọ́wọ́lọ́wọ́.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ohun tí nọ́ńbà náà jẹ́. Gbogbo ẹ̀rọ tó ní ọpọlọ bíi ti kọ̀ǹpútà ló ní ètò kan tó máa ń kọ́kọ́ jí nígbà tí a bá tan án. Ètò yìí ló mọ bí a ṣe ń gbé àwòrán sójú ẹ̀rọ, bí a ṣe ń gbọ́ ohùn, àti ohun tí bọ́tìnnì kọ̀ọ̀kan ń ṣe. Àwa tí a lọ ilé-ìwé Faransé ń pè é ní logiciel système. Àwọn ará wa ní òdìkejì ń pè é ní software tàbí firmware. Èmi á pè é ní ètò ìpìlẹ̀. Ilé-iṣẹ́ tó ṣe ẹ̀rọ máa ń tún un ṣe láti ìgbà dé ìgbà, wọ́n á sì fún un ní nọ́ńbà tuntun: 1.00, 1.50, 2.00, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Títún un ṣe yìí là ń pè ní mise à jour níhìn-ín, tí wọ́n ń pè ní update ní Nàìjíríà. Ẹ jẹ́ ká pè é ní ìsọdọ̀tun.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀, kò sí irú nọ́ńbà bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ 21, oṣù kẹrin, ọdún 1989 ni ilé-iṣẹ́ Nintendo gbé Game Boy jáde ní Japan. Bátìrì mẹ́rin ló ń jẹ. Inú káséètì kékeré kan ni eré rẹ̀ wà, ohun gbogbo tí eré náà nílò sì wà nínú káséètì yẹn. Ètò tí Game Boy fi ń jí kò ju báìtì 256 lọ. Iṣẹ́ rẹ̀ kò pọ̀: á wo káséètì bóyá àmì orúkọ Nintendo wà nínú rẹ̀ bó ṣe yẹ, lẹ́yìn náà á fa ẹ̀rọ lé eré lọ́wọ́. Kò sẹ́ni tó lè yí ètò yẹn padà lẹ́yìn tí ẹ̀rọ bá ti kúrò ní ilé-iṣẹ́. Ẹni tó ra Game Boy lọ́dún 1989 lè ra káséètì tí wọ́n ṣe fún un lọ́dún mélòó kan lẹ́yìn náà, kó kì í bọ̀ ọ́, kó sì máa gbádùn ara rẹ̀. Ẹ̀rọ kò ní bi í léèrè ohunkóhun.

PSP ló yí ìyẹn padà. Ọjọ́ 12, oṣù kejìlá, ọdún 2004 ni Sony kọ́kọ́ tà á ní Japan. Ó dé Amẹ́ríkà ní ọjọ́ 24, oṣù kẹta, ọdún 2005, ó sì dé Yúróòpù ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù kẹsàn-án, ọdún kan náà. Kì í ṣe eré nìkan ló ń ṣe. Ó ń kọrin, ó ń fi fíìmù hàn, ó ń tọ́jú fọ́tò, ó sì ní Wi-Fi. Orí àwo kékeré kan tí wọ́n ń pè ní UMD ni géèmù rẹ̀ wà. Àwo náà lè gba tó gigabyte 1.8. Ihò kan tún wà lára rẹ̀ fún mẹ́mórì káàdì. Ohun tó ṣe pàtàkì jù fún ìtàn wa ni pé ibi tí ètò ìpìlẹ̀ PSP wà ṣeé nù, ó sì ṣeé tún kọ. Sony lè yí i padà nígbà tí ẹ̀rọ ti wà lọ́wọ́ ẹni tó rà á.

Nínú àwo géèmù PSP kọ̀ọ̀kan, fáìlì kékeré kan wà tó ń jẹ́ PARAM.SFO. Ẹ fi wé ìwé ìrìnnà eré náà. Orúkọ eré wà níbẹ̀, nọ́ńbà rẹ̀ wà níbẹ̀, ìlà kan sì tún wà tí wọ́n pè ní PSP_SYSTEM_VER. Ìlà yìí ló ń sọ ẹ̀dà ètò ìpìlẹ̀ tó kéré jù lọ tí eré náà máa gbà. Bí o bá ki àwo bọ ẹ̀rọ, ẹ̀rọ á ka ìlà náà, á sì fi wé nọ́ńbà tara rẹ̀. Bí tirẹ̀ bá tó tàbí tó jù bẹ́ẹ̀ lọ, eré bẹ̀rẹ̀. Bí kò bá tó, á ní kí o lọ sọ ètò ìpìlẹ̀ dọ̀tun ná. Àwa tí à ń gbé ní agbègbè Ifangni, tí ibodè Ìgólò wà nítòsí wa, a mọ irú ìbéèrè yìí dáadáa. Kì í ṣe pé o kò lówó ọkọ̀. Ìwé ọwọ́ rẹ ni kò bá ti aṣọ́bodè mu.

Ṣùgbọ́n Sony ṣe ohun kan nígbà náà tó yẹ ká rántí. Wọ́n mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo ènìyàn ló ní íntánẹ́ẹ̀tì nílé. Nítorí náà, àwo tó ń béèrè nọ́ńbà tuntun náà ló máa ń gbé ìsọdọ̀tun wá fúnra rẹ̀. Àmì rẹ̀ á hàn lójú ẹ̀rọ nítòsí àmì eré. O kò nílò okùn, o kò nílò Wi-Fi. Ẹnì tó béèrè kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ rẹ ló tún mú kọ́kọ́rọ́ náà wá fún ọ. Ẹ ro ohun tí ìyẹn jẹ́ fún ibi tiwa. Okùn abẹ́ òkun SAT-3 ti gúnlẹ̀ sí Kútọnu àti Èkó láti ọdún 2002, ṣùgbọ́n ọ̀nà tó wà láàárín etíkun àti àwọn abúlé wa jìn gan-an lọ́dún 2005. Sáíbà ni wọ́n ti ń rí íntánẹ́ẹ̀tì, ní àwọn ìlú ńlá. Ẹni tó bá rí PSP tòkunbọ̀ rà pẹ̀lú àwo rẹ̀ lè jókòó sábẹ́ igi ní Daagbé, kí nọ́ńbà ẹ̀rọ rẹ̀ sì bá ti ẹni tó wà ní Paris dọ́gba.

Ohun kan ṣoṣo ló kù: iná mànàmáná. PSP kì í gbà kí wọ́n sọ ọ́ dọ̀tun àfi bí ṣájà bá wà lára iná, tí bátìrì náà sì kún tó. Ìdí rẹ̀ ni pé bí iṣẹ́ náà bá dá dúró lójijì nígbà tí wọ́n ti nu ètò àtijọ́ tí wọn kò sì tíì kọ tuntun tán, ẹ̀rọ náà kò ní jí mọ́. Ó di bíríkì nìyẹn. Ọ̀rọ̀ yìí kan náà ni wọ́n ń lò ní Faransé àti ní Gẹ̀ẹ́sì. Níbi tí iná ti ń lọ tó ń bọ̀, bátìrì tó kún yẹn ni alábòó.

Kí ló wá fà á tí nọ́ńbà náà fi ń gòkè bẹ́ẹ̀? Ìdí méjì ni. Àkọ́kọ́, ìsọdọ̀tun máa ń mú ohun tuntun wá. Ẹ̀dà 2.00, tó jáde ní àárín ọdún 2005, ló kọ́kọ́ fún PSP ní ètò tí a fi ń wo íntánẹ́ẹ̀tì. Ìdí kejì ni ó gbé ìjà wá: dídí ihò.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé. Sony kò fẹ́ kí PSP ṣí ètò kankan àfi èyí tí wọ́n bá lù lóǹtẹ̀. Òǹtẹ̀ yìí kì í ṣe ti rọ́bà. Ìṣirò ni wọ́n fi ṣe é, kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sì wà lọ́wọ́ Sony nìkan. Ṣùgbọ́n PSP àkọ́kọ́ ti Japan, tó ní ẹ̀dà 1.00, kò yẹ òǹtẹ̀ wò rárá. Àwọn ọ̀dọ́ tó mọ inú kọ̀ǹpútà rí i, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ eré àti irinṣẹ́ tara wọn fún un. Ní oṣù kẹfà ọdún 2005, wọ́n rí ọgbọ́n fún ẹ̀dà 1.50 pẹ̀lú: wọ́n á lo mẹ́mórì káàdì méjì, wọ́n á yọ ọ̀kan kí wọ́n sì ki èkejì bọ̀ ọ́ kíá ní àkókò tí ẹ̀rọ ń yẹ nǹkan wò. Ẹ̀rọ á yẹ káàdì kan wò, á sì ṣí ti ìkejì. Sony dí ihò náà nínú ẹ̀dà tó tẹ̀ lé e.

Ibí yìí ni nọ́ńbà ti di ohun ìjà. Ẹni tó bá dúró sí 1.50 lè máa ṣe ohun tó wù ú pẹ̀lú ẹ̀rọ rẹ̀, ṣùgbọ́n géèmù tuntun á máa lé e padà lẹ́nu ọ̀nà. Ẹni tó bá gòkè á rí géèmù tuntun ṣe, ṣùgbọ́n á pàdánù òmìnira yẹn, kò sì sí ọ̀nà ìpadàbọ̀, nítorí ẹ̀rọ kì í gba nọ́ńbà tó kéré sí èyí tó wà nínú rẹ̀. Géèmù tí àwọn ènìyàn fẹ́ràn jù ló wá di ìdẹ tó ń fa ẹ̀rọ wọn gòkè.

Ẹ má jẹ́ ká tan ara wa o. Kì í ṣe gbogbo ẹni tó fẹ́ ihò náà ló fẹ́ kọ eré tirẹ̀. Ọ̀pọ̀ ló fẹ́ fi géèmù tí wọn kò rà sínú mẹ́mórì káàdì. Sony àti àwọn tó kọ géèmù ní ẹ̀tọ́ láti bínú sí ìyẹn. Ewu mìíràn sì tún wà. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2005, wọ́n rí ọ̀nà láti fi àwòrán kan tan ẹ̀dà 2.00 jẹ, kí ẹ̀rọ lè padà sí 1.50. Oṣù tó tẹ̀ lé e ni ètò burúkú kan jáde tó ń pe ara rẹ̀ ní irinṣẹ́ fún irú iṣẹ́ yẹn. Àwọn fáìlì pàtàkì ló ń pa rẹ́ nínú PSP, ẹ̀rọ á sì di bíríkì. Ihò tí ọ̀rẹ́ ń gbà wọlé, olè náà lè gbà á.

Ìtàn tó dùn jù nínú ọ̀rọ̀ yìí ni ti Lumines. Lumines jẹ́ eré tí à ń to àpótí olórí mẹ́rin pọ̀ bí orin ṣe ń lọ. Tetsuya Mizuguchi ló darí iṣẹ́ rẹ̀, ó sì wà lára àwọn géèmù tó jáde ní ọjọ́ tí PSP jáde ní Japan. Ní oṣù kẹfà ọdún 2007, nígbà tí PSP ti dé ẹ̀dà 3.50, tí ọ̀pọ̀ ènìyàn sì rò pé gbogbo ihò ti dí, àwọn kan rí i pé Lumines kì í yẹ fáìlì tó ń pa ibi tí a bá eré dé mọ́ wò dáadáa. Bí wọ́n bá ṣe fáìlì náà ní ọ̀nà kan, eré á ṣìnà, á sì ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀. Bí ìròyìn yìí ṣe jáde báyìí ni géèmù tó ti pé ọdún méjì ààbọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í tà wàrà-wàrà lórí Amazon. Kò pẹ́ tí Sony fi gbé ẹ̀dà 3.51 jáde láti dí i.

Ṣùgbọ́n ní oṣù kẹjọ ọdún kan náà, ọ̀nà tí ìsọdọ̀tun kò lè dí jáde. Wọ́n pè é ní bátìrì Pandora. Nínú bátìrì PSP, nọ́ńbà ìdánimọ̀ kan wà. Bí wọ́n bá yí nọ́ńbà náà sí irú èyí tí àwọn oníṣẹ́ Sony fúnra wọn ń lò láti fi tún ẹ̀rọ ṣe, PSP á gbà pé ilé-iṣẹ́ ni òun wà, á sì bẹ̀rẹ̀ láti inú mẹ́mórì káàdì. Kódà PSP tó ti di bíríkì lè jí bẹ́ẹ̀. Ọmọ Sípéènì kan tí a mọ̀ sí Dark_AleX ti ń ṣe ètò ìpìlẹ̀ tirẹ̀ láti ọdún 2006: ètò tó ń ṣe ohun tí ẹ̀dà tuntun ń ṣe, tó sì tún fi ilẹ̀kùn sílẹ̀ ní ṣíṣí fún ètò tí kò ní òǹtẹ̀. Àtúnṣe inú ara ẹ̀rọ ni Sony fi dá ti bátìrì dúró, nínú PSP-3000 tó jáde ní ọdún 2008.

Kí ló wá dé tí wọn kò kàn yí nọ́ńbà inú PARAM.SFO padà? Wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀, ó sì ṣiṣẹ́ fún ọ̀pọ̀ eré. Ìyẹn fi hàn wá pé nọ́ńbà lásán ló ń dá àwọn eré kan dúró. Ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ ní agbára láti ṣe wọ́n. Sony náà ronú. Nígbà tó fi máa di ìparí ọdún 2009, wọ́n ń fi kọ́kọ́rọ́ tuntun ti fáìlì géèmù pa. Ètò ìpìlẹ̀ àtijọ́ kò mọ kọ́kọ́rọ́ yẹn rárá, nítorí náà, bí o tilẹ̀ parọ́ nọ́ńbà, eré kò ní ṣí. Láti ìgbà yẹn, nọ́ńbà náà di ohun tó ní ìdí gidi lẹ́yìn, ṣùgbọ́n Sony ló dá ìdí náà sílẹ̀.

Ìparí ìjà náà yani lẹ́nu. Ní òpin ọdún 2010, ní ìpàdé àwọn onímọ̀ kọ̀ǹpútà kan ní Berlin, ní Jámánì, ẹgbẹ́ kan tó ń jẹ́ fail0verflow ṣàlàyé àṣìṣe tó wà nínú ọ̀nà tí Sony ń gbà lu òǹtẹ̀ fún PlayStation 3. PlayStation 3 lè ṣe àwọn géèmù PSP kan, nítorí náà kọ́kọ́rọ́ òǹtẹ̀ PSP wà nínú rẹ̀. Bí wọ́n ṣe wọ inú ilé ẹ̀gbọ́n ni wọ́n bá kọ́kọ́rọ́ ilé àbúrò níbẹ̀. Láti oṣù kìn-ín-ní ọdún 2011, ẹni tó bá fẹ́ lè lu òǹtẹ̀ tó jọ ti Sony.

Nígbà tí gbogbo wọn ń jà lórí òǹtẹ̀ báyìí, ohun kan ti ṣẹlẹ̀ tí ariwo rẹ̀ kò pọ̀, tó sì kàn wá ju ìjà náà lọ. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù kẹwàá, ọdún 2009, Sony gbé PSP Go jáde ní Amẹ́ríkà àti Yúróòpù. Ẹ̀rọ yìí kò ní ihò fún àwo UMD. Àwo tí ènìyàn ti rà tẹ́lẹ̀ kò lè wọ inú rẹ̀. Orí íntánẹ́ẹ̀tì nìkan ni wọ́n ti ń ra géèmù rẹ̀. Kò sí àwo tó máa gbé kọ́kọ́rọ́ wá mọ́. Ẹni tí kò sí nítòsí okùn, ọjà kò sí fún un. PSP Go kò tà dáadáa, wọ́n sì dáwọ́ ṣíṣe rẹ̀ dúró lọ́dún 2011, ṣùgbọ́n ọ̀nà tó là ni gbogbo ayé ń tọ̀ lónìí.

Lọ́dún 2014, Sony parí fífi PSP ránṣẹ́ sí ọjà. Ẹ̀dà 6.61, tó jáde ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2015, ni ìkẹyìn. Ní oṣù keje ọdún 2021, wọ́n fòpin sí ríra géèmù láti orí PSP fúnra rẹ̀. Nintendo náà ti ilé ìtajà orí íntánẹ́ẹ̀tì ti 3DS ní oṣù kẹta ọdún 2023. Nínú Nintendo Switch, tó jáde lọ́dún 2017, wọ́n tún fi kún un: bí àwọn ìsọdọ̀tun kan bá wọlé, ẹ̀rọ á jó fíùsì tíntìntín nínú ara rẹ̀, kó má bàa ṣeé ṣe láti padà sẹ́yìn. Ohun tó bá ti jó kì í padà di tútù.

Ẹ wò ó báyìí: àwo UMD tó jáde lọ́dún 2006, bí o bá rí i lónìí pẹ̀lú PSP tó ṣì ń jí, eré á bẹ̀rẹ̀. Bí nọ́ńbà ẹ̀rọ kò bá tó, àwo náà á gbé e sókè. Kò ní béèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni ní Tokyo. Ṣùgbọ́n ohun tó jẹ́ pé orí íntánẹ́ẹ̀tì nìkan ló wà, ọjọ́ tí onílé bá ti ilẹ̀kùn ni ó parí fún ẹni tí kò bá tíì gbé tirẹ̀ wọlé. Ìjọba Nàìjíríà ti ibodè ilẹ̀ ní oṣù kẹjọ ọdún 2019. Oṣù kẹrin ọdún 2022 ni wọ́n tó kéde pé Ìdí-Ìrókò ti di ṣíṣí. Àwọn tó ní iṣu àti àgbàdo nílé kò jìyà bíi ti ẹni tó ń dúró de ọkọ̀ láti òdìkejì. Ẹ̀kọ́ tí nọ́ńbà PSP kọ́ wa kò jìnnà sí èyí.

Ó sì ti dé orí fóònù. Láti ọjọ́ 24, oṣù kẹwàá, ọdún 2023, WhatsApp kò ṣiṣẹ́ mọ́ lórí Android tí ẹ̀dà rẹ̀ kò tó 5.0. Fóònù náà kò bàjẹ́. Ó ń pè, ó ń gbà, iná rẹ̀ ń tàn. Nọ́ńbà rẹ̀ ni kò tó. Ìdí gidi lè wà níbẹ̀, nítorí ẹ̀dà àtijọ́ ní ihò tí olè lè gbà wọlé. Ṣùgbọ́n ẹni tó fi owó ìkórè ra fóònù tòkunbọ̀ kò mọ̀ pé nọ́ńbà kan wà tó ń ka ọjọ́ orí rẹ̀. Nítorí náà, mo máa ń sọ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi pé: kí ẹ tó sanwó fún ẹ̀rọ tòkunbọ̀, ẹ má wo ara rẹ̀ nìkan. Ẹ wọ ibi ètò rẹ̀, ẹ wá ẹ̀dà ètò ìpìlẹ̀, ẹ kà á. Lẹ́yìn náà, ẹ béèrè bóyá ìsọdọ̀tun ṣì ń bọ̀ fún un. Bó bá jẹ́ géèmù ni, ẹ béèrè bóyá àwo tàbí káàdì rẹ̀ wà lọ́wọ́ olùtajà, àbí orí íntánẹ́ẹ̀tì nìkan ló wà. Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ojú lalákàn fi ń ṣọ́rí.

Ní ilé yín ńkọ́? Ta ló ṣì ní PSP tàbí Game Boy tó ń ṣiṣẹ́, yálà ní Pọ́bẹ̀ tàbí ní Ìmẹ̀kọ, ní Kétu tàbí ní Ìbàdàn? Ẹ wo ẹ̀dà tó wà nínú PSP yín, kí ẹ kọ ọ́ síbí fún wa. Ìtàn ni nọ́ńbà náà jẹ́. Ire o.